Ọjọ́bọ̀ Tó Kàn Mí

Aago méjì ọ̀sán, òkùnkùn ti wọlé.
Oṣù Kejìlá ní Kemi, òkun dì gbagidi lẹ́yìn ilé,
ọkọ̀ tó ń fọ́ yìnyín ń hu lókèèrè bí ẹni tí ikọ́ ń ṣe.
Mo kó gbogbo ayò inú kọ́bọ́ọ̀dù jáde,
mo tò wọ́n sórí ibùsùn bí aṣọ arìnrìn-àjò.
Èwo ni ká ta lálẹ́ òní?

Kì í ṣe èyí tí ìwé òfin rẹ̀ ní ojú-ewé mọ́kànlélógójì;
ká tó kà á dé ìdajì, Tuulikki á ti sùn lọ, ṣíbí lọ́wọ́.
Kì í ṣe ayò owó àti ilé rírà, láéláé:
Sirpa gba òpópónà kan lọ́wọ́ Tuulikki níjọ́sí,
oṣù méjì gbáko ni wọn ò fi kíra wọn.
Ayò ọ̀rọ̀ títò ńkọ́? Ajá Raija ti gbé gbogbo K mì,
ta ló sì lè sọ èdè wa láìsí K?
Èyí tí ọmọ mi rà wá láti Turku,
tó kún fún olú àti ọ̀kẹ́rẹ́, ó wu ojú,
ṣùgbọ́n ojú ọmọ ogún ọdún ló ń fẹ́.

Kí n má purọ́: Hilkka ni mo ń yan ayò fún.

Hilkka tó ṣírò owó ilé iṣẹ́ ìlagi fọ́dún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n
láìfọwọ́ kan ẹ̀rọ,
Hilkka ọ̀ta, tí gbogbo wa jẹ́ òpè níwájú rẹ̀.
Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ó bi mí lẹ́ẹ̀mẹta
pé àwọ̀ wo ni tòun.
Lẹ́ẹ̀kẹta, mo rí i lójú rẹ̀
pé ó mọ̀ pé òun ti béèrè rí.

Nítorí náà, lúdò.
Lúdò àtijọ́ tí etí pátákó rẹ̀ ti bó,
tí àbààwọ́n kọfí ìyá mi ṣì wà lára ilé pupa.
Mo ká aṣọ tábìlì olódòdó kúrò, kí àwọ̀ má baà dàrú.
Mo so òwú yẹ́lò mọ́ etí ife Hilkka
bí ẹni pé ọ̀ṣọ́ lásán ni.

Wọ́n dé, wọ́n gbọn yìnyín nù, bàtà mẹ́rin tò lẹ́nu ọ̀nà.
Raija ò ní ta; ó ń hun ìbọ̀sẹ̀, òun ni adájọ́.
Dáìsì ń yí, Sirpa ń rẹ́ wa jẹ bí ìṣe rẹ̀.
Ó kan Hilkka. Ó ju mẹ́fà.
Ọmọ ayò pupa ló mú. Tèmi ni.
Ó kà á sókè ní fàájì, ení, èjì, ẹ̀ta,
ó sì gbé e wọlé.

Kẹ́kẹ́ pa.
Mo ń gbọ́ ohùn fíríìjì.
Sirpa (Sirpa náà!) mú dáìsì, ó ju mẹ́rin,
ó gbé ti Tuulikki rìn.
Ó ní, “Ẹni tó bá wù wá là ń sìn délé lónìí.”
Raija ò gbójú kúrò lára ìbọ̀sẹ̀: “Òfin bẹ́ẹ̀ wà.”
Tuulikki gbé tèmi, mo gbé yẹ́lò,
a ò mọ ẹni tó ń jẹ mọ́, a ò mọ ẹni tí wọ́n ń jẹ.
Hilkka nìkan ló mọ̀.
“Mo ti jẹ yín,” ó ní, “ẹ lọ kọ́ ìṣirò.”
A rẹ́rìn-ín títí Tuulikki fi da kọfí sórí pátákó.
Ilé méjì ló ní àbààwọ́n báyìí.

Wọ́n lọ tán, mo ka ọmọ ayò: mẹ́ẹ̀ẹ́dógún.
Mo wo abẹ́ àga, mo tú àwo ṣúgà.
Aago mọ́kànlá kọjá, fóònù dún.
“Nǹkan pupa kékeré kan wà nínú ìbọ̀wọ́ mi,” Hilkka ní,
“ó ti gbóná. Ṣé tìrẹ ni?”
Mo ní kó máa mú un bọ̀ ní Ọjọ́bọ̀.
“Mú kí ni bọ̀?”

Mo já bọ́tìnì kan lára kóòtù mi,
mo jù ú sínú páálí.
Mẹ́rìndínlógún.